Iyùn ni mo yẹ̀ wò, n kò yẹ ẹni tó ń tà á wò

Èmi ni mo kó owó àjọ obìnrin mọ́kànlélógún fún ilé iṣẹ́ kan tí kò sí lókè eèpẹ̀, tí kò sì sí nísàlẹ̀ òkun tó ní òun ti ń ṣòwò. Kò sẹ́ni tó yọ ìbọn sí mi. Ọwọ́ ara mi ni mo fi tẹ fóònù tí owó fi lọ. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ní Iléṣà àti Òṣogbo ló ti gbọ́ pé wọ́n lu Ìyá Fúnmi ní jìbìtì, wọ́n sì ti bá mi kẹ́dùn. Ohun tí wọn kò gbọ́ ni irọ́ tí mo pa kí owó náà tó jáde. Irọ́ yẹn ni mo wá jẹ́wọ́.

Ọmọ Iléṣà ni mí, ìlẹ̀kẹ̀ ni mò ń tà ní Òṣogbo, ọ̀dọ̀ ìyá mi ni mo sì ti kọ́ṣẹ́. Tí oṣù kẹjọ bá wọlé tí ọdún Ọ̀ṣun kù sí dẹ̀dẹ̀, àwọn àlejò láti Brazil, Cuba àti Amẹ́ríkà á ya wọ ìlú, pàápàá láti ìgbà tí UNESCO ti ka Igbó Ọ̀ṣun mọ́ àwọn ohun àjogúnbá àgbáyé lọ́dún 2005. Àwọn wọ̀nyẹn á ra ìlẹ̀kẹ̀ Ọ̀ṣun. Ṣùgbọ́n ohun tó ń bọ́ wa yípo ọdún ni ìgbéyàwó àti ìwúyè. Ìyàwó fẹ́ iyùn, ìyá ìyàwó fẹ́ iyùn, ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ joyè fẹ́ ẹ̀jìgbà tí yóò balẹ̀ sí i láyà.

Ìlẹ̀kẹ̀ míì tún wà tí wọ́n ń pè ní sẹ̀gi. Gíláàsì ni ní tirẹ̀. Ó ti lé ní ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀ta ọdún tí àwọn baba wa ní Ilé-Ifẹ̀ ti ń yọ́ gíláàsì fún ìlẹ̀kẹ̀, wọ́n sì ti hú ìkòkò tí wọ́n fi yọ́ ọ jáde ní Igbó Olókun. Iyùn kò rí bẹ́ẹ̀. Ẹ̀dá abẹ̀mí wẹ́wẹ́ ló ń kọ́ ọ sára àpáta nísàlẹ̀ òkun. Kì í tètè dàgbà: bí ọdún kan bá yí po, ohun tó fi nípọn sí i kì í tó mìlímítà kan. Èyí tó pupa, tí àwọn ọba wa fẹ́ràn, òkun Mẹditaréníà ló pọ̀ sí. Àwọn Potogí tó dé Bìní ní òpin ọ̀rúndún kẹẹ̀ẹ́dógún wà lára àwọn tó kó o dé ọ̀dọ̀ wa. Títí di òní, ìlú Torre del Greco lẹ́gbẹ̀ẹ́ Naples ní Ítálì ló lókìkí jù nínú gbígbẹ́ rẹ̀. Láyé àtijọ́, igi méjì tí wọ́n fi dábùú ara wọn, tí wọ́n so àwọ̀n mọ́, ni wọ́n ń wọ́ kiri ìsàlẹ̀ òkun, á sì máa fa iyùn tu tàgbà tèwe. Yúróòpù fòfin de ìyẹn lọ́dún 1994. Òmùwẹ̀ tó gbé afẹ́fẹ́ pọ̀n sẹ́yìn ló ń wọ ìsàlẹ̀ lọ báyìí, tó ń fọwọ́ ṣẹ́ ẹ lọ́kọ̀ọ̀kan. Owó pọ́ọ́kú kọ́ ni wọ́n fi ń ra irú nǹkan bẹ́ẹ̀.

Ibi tí ọjà bá ti wọ́n, ayédèrú á débẹ̀. Wọ́n ń fi gíláàsì ṣe é, wọ́n ń fi ike ṣe é. Èyí tó burú jù ni iyùn funfun tí kò níye lórí, tí wọ́n pa láró pupa, torí iyùn ni lóòótọ́, àwọ̀ rẹ̀ ni irọ́. Ìyá mi kọ́ mi bí a ṣe ń dá wọn mọ̀. Iyùn gidi máa ń tutù bí o bá fi kan ẹ̀rẹ̀kẹ́, ó sì máa ń wúwo ju bí ojú ṣe rí i lọ. Kán omi ọsàn wẹ́wẹ́ sí ẹnu ihò rẹ̀, á hó díẹ̀díẹ̀. Gíláàsì àti ike kò ní hó. Ṣùgbọ́n aláró náà á hó, ìdí nìyẹn tí mo fi fi ọgbọ́n òde òní kún ti ìyá mi: mo ń tọ́jú asitóònù, èyí tí àwọn obìnrin fi ń nu ọ̀dà èékánná kúrò, sínú dúrọ́ọ̀ ṣọ́ọ̀bù mi. Rẹ òwú sínú rẹ̀, fi nu ìlẹ̀kẹ̀ náà dáadáa. Bí òwú bá pupa, aró ni.

Èmi tí mo mọ gbogbo èyí ni wọ́n mú.

Oníbàárà kan ló fà mí wọ ẹgbẹ́ àwọn oníṣòwò ìlẹ̀kẹ̀ lórí WhatsApp. Níbẹ̀ ni ọkùnrin kan ti bẹ̀rẹ̀ sí í fi ohùn ránṣẹ́ sí mi. Ohùn rẹ̀ tutù, kì í sì í bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ láìkí mi: "Ẹ kú ọrọ̀ ajé, Mọ́mì. Ajé á wọgbá o." Ó ní abẹ́ òkun ni ilé iṣẹ́ àwọn ti ń ṣòwò. Àwọn ní ọkọ̀ ojú omi, àwọn ní òmùwẹ̀, láti etíkun Ìlàjẹ títí dé Èkó ni àwọn ti ń hú iyùn, kò sídìí tí ẹnikẹ́ni fi gbọ́dọ̀ máa retí ti Ítálì mọ́. Ó fi fídíò ránṣẹ́: ọkùnrin kan tó wọ aṣọ dúdú ń wọlẹ̀ lọ nínú omi, iná tọ́ọ̀ṣì mọ́ sí ẹ̀ka iyùn pupa lára àpáta. Ó fi ìwé àjọ CAC tẹ̀ lé e, tòun ti nọ́ńbà.

Iyùn pupa kì í hù nínú òkun tiwa. Mo mọ̀. Kò sí ẹni tó ń tà á tí kò mọ ibi tó ti ń wá. Ṣùgbọ́n mo sọ fún ara mi pé bóyá wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ rí i ni. Ọ̀kánjúwà kì í wá àwíjàre tì.

Mo ra okùn kan wò. Ó dé. Mo fi kan ẹ̀rẹ̀kẹ́, ó tutù. Mo kán ọsàn sí i, ó hó. Mo fi òwú nù ún, òwú náà funfun bí mo ṣe mú un. Iye tí wọ́n tà á fún mi kò tó ìdajì iye tí mò ń rà á ní Èkó. Mo ra ìkejì, bákan náà ló rí. Ìgbà yẹn lọkàn mi balẹ̀. N kò rò ó pé ẹni tó bá fẹ́ gba mílíọ̀nù lọ́wọ́ ènìyàn lè fi ojúlówó iyùn méjì ṣe ìjẹ sẹ́nu ìwọ̀. Ìlẹ̀kẹ̀ ló yege ìdánwò. Kò sí ìdánwò kankan tí mo ṣe fún ọkùnrin náà.

Ọ̀rọ̀ wá kúrò ní ríra, ó di ìdókòwò. Wọ́n ní ìpín kan jẹ́ ẹgbẹ̀rún lọ́nà igba náírà (₦200,000). Kí oṣù mẹ́ta tó pé, ẹni tó bá dá a yóò gba iyùn tí iye rẹ̀ jẹ́ ìlọ́po méjì owó rẹ̀. Bí èmi bá sì lè kó ìpín tó lé ní ogún jọ, èmi nìkan ni wọn yóò máa kó ọjà fún ní gbogbo Ọ̀ṣun àti Èkìtì. Gbólóhùn ìkẹyìn yìí ló pa mí. Mo ti ń rí ara mi bí àwọn oníṣọ́ọ̀bù ní Adó-Èkìtì yóò ṣe máa wá tò síwájú ilé mi.

A ní ẹgbẹ́ àjọ kan ní Iléṣà. Ìyá mi ló ṣe olórí rẹ̀ kó tó kú, àwọn ẹgbẹ́ sì gbé e fún mi. Aláṣọ wà nínú wọn, aláta Ọjà Àtàkúnmọ́sà wà nínú wọn, tíṣà méjì tó ti fẹ̀yìn tì náà wà níbẹ̀. Mo gbé ọ̀rọ̀ náà síwájú wọn. Mo pín okùn iyùn méjèèjì káàkiri kí wọ́n fọwọ́ kàn án. Ìyá Ìbejì ló béèrè ohun tó yẹ kó béèrè.

"Ìyá Fúnmi, ṣé ẹ ti dé ọ́fíìsì wọn?"

N kò dé ibẹ̀ rí. Èkó tí mo máa ń lọ kó ọjà, n kò fìgbà kan yà sí àdúgbò tí wọ́n kọ sínú ìwé wọn. Mo la ẹnu, mo ní: "Mo ti dé bẹ̀. Mo fojú mi rí ọkọ̀ ojú omi wọn, wọ́n so ó sétí òkun."

Irọ́ náà nìyẹn. Kò ju gbólóhùn méjì lọ. N kò rò ó tẹ́lẹ̀, n kò sì pa á láti jẹ ẹnikẹ́ni níyà. Ọkùnrin náà ti sọ pé ọjọ́ Ẹtì ni wọn yóò ti ilẹ̀kùn, mo sì rí i pé bí mo bá ní n kò dé ibẹ̀, wọn yóò ní kí n lọ ná. Mo sáré gé ọ̀rọ̀ kúrú. Gbogbo wọn gbà mí gbọ́, torí ọmọ ìyá mi ni mí. Ìyá Ìbejì dá ìpín kan. Wọ́n dá a pé: mílíọ̀nù mẹ́rin àti igba ẹgbẹ̀rún náírà.

Páálí mẹ́ta dé sí gáréèjì ní Òṣogbo. Inú mi dùn. Mo tú u nínú ṣọ́ọ̀bù, okùn dé orí okùn, gbogbo rẹ̀ ń dán. Ó tutù, ó wúwo. Ṣùgbọ́n gbogbo rẹ̀ ló pupa dọ́gba. Iyùn tó ti inú òkun wá kì í dọ́gba bẹ́ẹ̀. Ọ̀kan á ṣókùnkùn díẹ̀, òmíràn á ràn, ojú ihò kòkòrò á wà lára òmíràn. Nígbà tí mo gbé e sún mọ́ iná, pupa náà ki lẹ́nu ihò ju ti ara rẹ̀ lọ. Ẹni tó bá ti pẹ́ nídìí ìlẹ̀kẹ̀ mọ ohun tí ìyẹn túmọ̀ sí. Asitóònù wà nínú dúrọ́ọ̀, kò jìnnà sí ọwọ́ mi. N kò ṣí i. Ẹ̀rù ohun tí òwú máa sọ ló bà mí.

Mo tún ṣe ohun tó burú ju ìyẹn lọ. Ìyá ìyàwó kan wá, mo tà nínú rẹ̀ fún un, mo gba owó iyùn gidi. Lọ́jọ́ ìgbéyàwó, oòrùn mú, ìlù dún, ìyàwó jó títí ó fi làágùn. Kí wọ́n tó gé kéèkì, pupa ti ṣàn láti ọrùn rẹ̀ wọ inú léèsì funfun. Àwọn kan kọ́kọ́ rò pé ẹ̀jẹ̀ ni. Ìyá rẹ̀ kò pariwo mọ́ mi. Ó gbé ìlẹ̀kẹ̀ náà wá ní ọjọ́ kejì, ó gbé e lé orí káńtà mi, ó ní, "Ìyá Fúnmi, ẹ̀yin náà?" Mo dá owó rẹ̀ padà, mo san owó léèsì. Ìgbà yẹn ni mo tó ṣí dúrọ́ọ̀. Okùn tí mo kọ́kọ́ nù, òwú pupa. Ìkejì, pupa. N kò nu páálí kẹta dé ìdajì tí mo fi ṣíwọ́.

Nọ́ńbà ọkùnrin náà kò lọ mọ́. Ẹgbẹ́ orí WhatsApp ti tú. Ọmọ àbúrò mi tó wà ní yunifásítì wá fídíò náà lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ó bá a: òmùwẹ̀ ará Ítálì ni, ní etíkun Sardinia. Ọ̀sẹ̀ yẹn ni mo tó lọ sí àdúgbò tí mo ti purọ́ pé mo dé. Mo rí ilé náà. Onígbàjámọ̀ ló wà nísàlẹ̀, ṣọ́ọ̀ṣì kékeré ló wà lókè. Onígbàjámọ̀ náà wò mí lójú, ó ní èmi kọ́ ni ẹni àkọ́kọ́. Nọ́ńbà CAC inú ìwé wọn wà lóòótọ́, ilé iṣẹ́ tó ń ta páìpù omi ló ni ín.

Àwa Ìjẹ̀ṣà fẹ́ràn láti máa sọ ìtàn Ajíbógun, baba ńlá Ọwá Obòkun. Ojú Odùduwà fọ́, Ifá ní omi òkun ni yóò wò ó sàn, Ajíbógun sì fẹsẹ̀ ara rẹ̀ lọ bu omi náà wá. Kò rán ẹnikẹ́ni. Ìlú tiwa jìnnà sí òkun, ohun tó bá sì ti ibẹ̀ wá, ọwọ́ púpọ̀ ló ti kọjá kó tó dé ọ̀dọ̀ wa. Owó ẹyọ tí àwọn baba wa ná, òkun Maldives ló ti kọ́kọ́ wá. Ní àárín ọ̀rúndún kọkàndínlógún, àwọn oníṣòwò Hamburg ní Jámánì bẹ̀rẹ̀ sí í kó ti Zanzibar wọlé rẹpẹtẹ, iye owó ẹyọ já wálẹ̀, ẹni tó ti tọ́jú ọ̀kẹ́ owó pamọ́ sí ìyẹ̀wù ní Iléṣà kò sì mọ ohun tó ṣẹlẹ̀ létí òkun tó fi di tálákà. Ó ní ìdí tí ẹni tó jìnnà sétí òkun fi gbọ́dọ̀ máa rìn dé ibẹ̀. Ajíbógun rìn ín nígbà tí kò sí títì. Èmi ní mọ́tò láti Òṣogbo dé Èkó, n kò lọ.

Mo pe ìpàdé ní Iléṣà. Mo kúnlẹ̀, mo sọ gbogbo rẹ̀, mo sì sọ pé n kò rí ọkọ̀ ojú omi kankan. Àwọn tó ń sunkún nítorí owó dákẹ́ nígbà tí mo sọ ìyẹn. Ìyá Ìbejì dìde, ó jáde, kò sì padà wọlé lọ́jọ́ náà. Ìyá àgbà kan ló sọ̀rọ̀, òṣómàáló ni bàbá rẹ̀. Gbogbo wa la mọ̀ nípa òṣómàáló. Nígbà tí rélùwéè dé Òṣogbo lọ́dún 1907, tí àwọn ilé iṣẹ́ òyìnbó wá ṣí ṣọ́ọ̀bù síbẹ̀, àwọn ọmọ Ìjẹ̀ṣà ń gba aṣọ lọ́wọ́ wọn, wọ́n ń gbé e lọ sí ìlú àti abúlé jíjìn, wọ́n ń tà á láwìn, wọ́n sì ń padà lọ lóṣòó sẹ́nu ọ̀nà ẹni tó jẹ wọ́n lówó títí yóò fi sanwó. Ìyá àgbà ní:

"Bàbá mi gbé ọjà fún ẹni tí kò mọ bàbá rẹ̀. Ṣùgbọ́n kò sí ẹni tó gbé ọjà fún tí kò mọ ẹnu ọ̀nà ilé rẹ̀. Ìwọ tí o gbé owó fún wọn yìí, ẹnu ọ̀nà ta lo fẹ́ lọ lóṣòó sí?"

N kò rí èsì fún un. Mo ti ronú sí ọ̀rọ̀ náà títí, mo sì ti rí i pé òun ló mọ ibi tí àṣìṣe mi wà ju èmi lọ. Àwọn baba wa kì í ṣe ojo, wọ́n ń dá owó sínú ewu lójoojúmọ́. Ọjà ni wọ́n ń kó sílẹ̀, owó ni wọ́n ń dúró dè, wọ́n sì mọ ibi tí wọn yóò ti dúró dè é. Èmi kó owó sílẹ̀, mo ń dúró de ọjà, n kò mọ ibi tí mo ti ń dúró dè é. Mo sì tún fi ẹnu ara mi sọ fún àwọn tó fọkàn tán mi pé mo mọ̀ ọ́n.

Mo kọ ìwé adéhùn pé èmi yóò san owó náà padà. Mo ta ilẹ̀ tí mo rà sí Òṣogbo. Mo ti san ju ìdajì lọ, mo ṣì ń san ìyókù láti inú ọjà. Ọjà náà kò sì rí bíi ti tẹ́lẹ̀, torí àwọn tó máa ń gbé ìlẹ̀kẹ̀ fún mi láwìn ní Èkó ti gbọ́. Ẹni tó yá ẹgbàafà tí kò san án, ó bẹ́gi dínà ẹgbẹ̀fà. Owó lọ́wọ́ ni mo fi ń ra gbogbo nǹkan báyìí. Ìyá ìyàwó ọjọ́ yẹn kò tún ra nǹkan lọ́wọ́ mi mọ́, kò sì yẹ kó rà á.

Nígbà tí CBEX, ètò ìdókòwò orí íntánẹ́ẹ̀tì kan, forí ṣánpọ́n ní oṣù kẹrin ọdún 2025, tí inú ń bí àwọn ènìyàn ní Ìbàdàn tí wọ́n fi ń gbé àga àti ẹ̀rọ jáde nínú ọ́fíìsì wọn, mo gbọ́ tí àwọn kan ń fi wọ́n ṣe yẹ̀yẹ́. Wọ́n ní ṣé wọn kò rántí MMM, irú ètò bẹ́ẹ̀ tó ti owó àwọn ènìyàn pa ní oṣù kejìlá ọdún 2016 ni. N kò lè bá wọn rẹ́rìn-ín. Ẹni tí wọ́n ń mú kì í ṣe òmùgọ̀ nígbà gbogbo. Ẹni tó mọ nǹkan kan dáadáa, tó wá rò pé ìmọ̀ yẹn tó fún gbogbo nǹkan, òun náà wà lára wọn.

Ẹ jẹ́ kí n sọ èyí tó lè wúlò. Ìwé CAC ń fi hàn pé ẹnì kan forúkọ ilé iṣẹ́ sílẹ̀ ni. Kò fún un láṣẹ láti gba owó ìdókòwò lọ́wọ́ yín. Àjọ SEC ló ń fún ilé iṣẹ́ láṣẹ ìyẹn, ẹ sì lè béèrè lọ́wọ́ wọn kí ẹ tó san kọ́bọ̀. Òfin tí Ààrẹ fọwọ́ sí lọ́dún 2025 ti sọ pé ẹni tó bá gbé irú ètò jìbìtì bẹ́ẹ̀ kalẹ̀ lè san owó ìtanràn tí kò dín ní ogún mílíọ̀nù náírà, tàbí kó ṣẹ̀wọ̀n ọdún mẹ́wàá, tàbí méjèèjì. Òfin dára. Ṣùgbọ́n kí òfin tó mú ẹnikẹ́ni, ó gbọ́dọ̀ mọ ẹni náà àti ibi tó wà, àti èmi àti òfin kò tí ì mọ ẹnu ọ̀nà ilé ọkùnrin tó ń kí mi kú ọrọ̀ ajé.

Ẹ̀yin olórí àjọ, ẹ̀yin alága ẹgbẹ́ aláṣọ, ẹ̀yin ìyá ìjọ tí àwọn ènìyàn ń tẹ̀ lé ọ̀rọ̀ yín: bí wọ́n bá bi yín bóyá ẹ ti dé ibẹ̀, tí ẹ kò sì dé ibẹ̀, ẹ sọ pé ẹ kò dé ibẹ̀. Kò sí èrè tó ń sá lọ lọ́jọ́ Ẹtì tó tó ohun tí irọ́ yẹn máa ná yín.